Abúlé Nínú Sinimá Àgbáyé

  Wọ́n ní kí n wá bá ẹ̀yin àgbẹ̀, ìyálọ́jà, olùkọ́ àti ọ̀dọ́ sọ̀rọ̀ lórí fíìmù tí àwọn èèyàn fi èdè abínibí wọn ṣe, tí ayé sì péjọ láti wò. Ẹ̀yìn Ìbàdàn níbí ni mo ti fẹ́ sọ ọ́, nítorí ó dá mi lójú pé ọ̀rọ̀ náà kan ará Akínyẹlé, Lágelú, Ẹgbẹ́dá àti Ọ̀nà-Àrà ju bó ṣe kan ará Lẹ́kí lọ.

Ní oṣù Karùn-ún ọdún 2025, ìlú Cannes tó wà létí òkun ní gúúsù ilẹ̀ Faransé gba àlejò bó ṣe máa ń gbà wọ́n. Láti 1946 ni àjọ̀dún fíìmù ibẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀, ọ̀pọ̀ àwọn tó ń ṣe fíìmù ló sì kà á sí ọba gbogbo àjọ̀dún. Fíìmù méjì wà níbẹ̀ lọ́dún náà tí mo fẹ́ ká jọ yẹ̀ wò. Ọ̀kan wá láti Jámánì. Obìnrin kan tó ń jẹ́ Mascha Schilinski ló darí rẹ̀, In die Sonne schauen ló sì pè é. Ìkejì jẹ́ ti ọmọ Yorùbá, Akínọlá Davies kékeré. Òun àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀, Wálé, ni wọ́n jọ kọ ìtàn rẹ̀, orúkọ rẹ̀ sì ni My Father's Shadow. Fíìmù Jámánì náà gba ẹ̀bùn ìgbìmọ̀ adájọ́, òun àti fíìmù mìíràn jọ pín in. Wọ́n dárúkọ ti Akínọlá fún ìyìn pàtàkì lábẹ́ Caméra d'Or, ìyẹn ẹ̀bùn tó wà fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń ṣe fíìmù gígùn rẹ̀ àkọ́kọ́. Òun náà ni fíìmù Nàìjíríà àkọ́kọ́ tí Cannes fúnra rẹ̀ yàn sínú ètò rẹ̀ látọjọ́ tí àjọ̀dún náà ti wà.

Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti orí ti Jámánì. Oko kan ṣoṣo ni gbogbo ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀, ní agbègbè tí wọ́n ń pè ní Altmark. Ilé oko àtijọ́ ni, àgbàlá wà láàárín, ilé àti abà sì yí àgbàlá náà ká lọ́nà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin. Ẹni tó bá mọ agboolé àtijọ́ ní Ìjàyè tàbí Ẹ̀rúnmu kò ní ṣàjèjì níbẹ̀. Ọmọbìnrin mẹ́rin ló gbé inú ilé náà láàárín nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọdún: Alma gbé ibẹ̀ nígbà Ogun Àgbáyé Kìíní, Erika nígbà Ogun Kejì, Angelika ní nǹkan bí 1980 nígbà tí ìjọba Kọ́múníìsì ń ṣàkóso apá ibẹ̀, Lenka sì ń gbé ibẹ̀ lóde òní. Kò sí ọ̀gágun nínú ìtàn yìí, kò sí olówó ńlá. Ẹlẹ́dẹ̀ wà níbẹ̀, eṣinṣin wà níbẹ̀, odò wà níbẹ̀, iṣẹ́ ìkórè wà níbẹ̀, ikú àwọn ará ilé náà wà níbẹ̀.

Ẹ gbọ́ bí ó ṣe bẹ̀rẹ̀. Erika ń rìn nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ pẹ̀lú igi méjì lábẹ́ abíyá, ẹsẹ̀ rẹ̀ kan kò kan ilẹ̀. Àánú rẹ̀ yóò ti máa ṣe ẹni tó ń wò ó, kó tó di pé a rí okùn tó fi so ẹsẹ̀ náà sókè. Igi ẹbí rẹ̀ kan tí wọ́n gé lẹ́sẹ̀ ló lọ mú, ó fẹ́ mọ bó ṣe ń rí lára ẹni tí kò ní ẹsẹ̀ méjì. Bàbá rẹ̀ ń pariwo orúkọ rẹ̀ láti ìta pé kó wá tọ́jú ẹlẹ́dẹ̀. Nígbà tó jàjà yọ sí bàbá, ìgbájú ló kọ́kọ́ gbà. Ìyẹn ni ìbẹ̀rẹ̀ fíìmù tí àwọn adájọ́ Cannes fún lẹ́bùn. Ọmọ oko ni, iṣẹ́ ẹlẹ́dẹ̀ ni, ìtojúbọ̀ ọmọdé sì ni pẹ̀lú. Ta ni nínú yín tí kò tíì rí ọmọ tó ń fi nǹkan àgbàlagbà ṣeré lẹ́yìn ilé nígbà tí wọ́n ń wá a pé kó wá fọ́nkà fún adìẹ?

Kì í ṣe ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí abúlé Jámánì máa gun òkè ní Cannes. Ní 2009, Michael Haneke gba ẹ̀bùn tó ga jù níbẹ̀, Palme d'Or, pẹ̀lú Das weiße Band. Àwòrán dúdú àti funfun ni gbogbo rẹ̀. Ó ń sọ nípa abúlé kan ní àríwá Jámánì láàárín 1913 sí 1914, kí Ogun Àgbáyé Kìíní tó bẹ́. Olóyè ọlọ́lá kan ló ni ilẹ̀, àwọn tó kù ń ro oko fún un. Ẹnì kan so wáyà láàárín igi méjì, ẹṣin dókítà kọ wáyà náà, dókítà ṣubú. Aya àgbẹ̀ kan kú níbi iṣẹ́ olóyè náà nítorí pátákó ilẹ̀ tó ti jẹrà, ọmọ rẹ̀ bínú, ó gba inú oko kábéèjì olóyè lọ, ó bẹ́ wọn lórí lọ́kọ̀ọ̀kan. Olùkọ́ ilé-ẹ̀kọ́ abúlé ló ń sọ ìtàn náà fún wa. Haneke kò ṣàlàyé ẹni tó ṣe gbogbo aburú náà títí fíìmù fi parí, àmọ́ a fura sí àwọn ọmọdé tí wọ́n ń nà lójoojúmọ́ ní orúkọ Ọlọ́run. Mo ka fíìmù yẹn sí ọ̀kan nínú àwọn tó lágbára jù lọ tí mo ti wò, nítorí ó fi hàn pé ohun tó ń dàrú ní orílẹ̀-èdè kan ti lè máa hù nínú ilé mẹ́wàá péré.

Mo mọ̀ pé kì í ṣe gbogbo fíìmù èdè Jámánì tó lókìkí ló jẹ́ ti oko. Fatih Akin, tí àwọn òbí rẹ̀ wá láti Turkey, gba Béárì Wúrà, ẹ̀bùn tó ga jù ní àjọ̀dún Berlin, ní 2004 pẹ̀lú Gegen die Wand, Hamburg àti Istanbul ló sì ti ṣe é. Toni Erdmann ti Maren Ade, tí ariwo rẹ̀ gba Cannes kan ní 2016, ìlú Bucharest ni ọ̀pọ̀ rẹ̀ wà. Ṣùgbọ́n ohun kan pa gbogbo wọn pọ̀. Ẹni tó ṣe é mọ ibi tó ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ dé egungun, kò sì bẹ̀bẹ̀ lọ́wọ́ àjèjì kó tó sọ ọ́. Àwọn tó péjọ sí Cannes, tí ọ̀pọ̀ wọn kò gbọ́ Jámánì, ka ọ̀rọ̀ tí wọ́n kọ sísàlẹ̀ àwòrán, wọ́n sì tẹ̀ lé e.

Ọ̀pọ̀ nínú àwa tó ń ṣe fíìmù Yorùbá ti gbà lọ́kàn pé bí a bá fẹ́ dé ọ̀dọ̀ aráyé, àfi ká kúrò lóko. A kó kámẹ́rà lọ sí ilé aláràbarà, a wọ ẹni tó yẹ kó jẹ́ ọmọ Akànràn ní kóòtù, a sì ń fi èdè Gẹ̀ẹ́sì gé ọ̀rọ̀ rẹ̀ sí wẹ́wẹ́. Ó dùn mí. Ìdí tí mo fi mú àwọn ará Jámánì wá síwájú yín lónìí ni pé ìrírí wọn tako èrò yẹn pátápátá.

Àmọ́ o, wọn kò déédéé débẹ̀. Ní ọjọ́ 28 oṣù Kejì 1962, àwọn ọ̀dọ́ 26 tó ń ṣe fíìmù péjọ ní ìlú Oberhausen, wọ́n sì kéde pé fíìmù àtijọ́ ilẹ̀ àwọn ti kú, àwọn ló máa ṣe tuntun. Ìjọba gbọ́. Nígbà tó di 1968, àjọ kan ti wà tí òfin fún lágbára láti gba owó díẹ̀ lórí tíkẹ́ẹ̀tì sinimá, kó sì fi ran fíìmù ilẹ̀ náà lọ́wọ́. Ìyẹn ni pé ẹni tó lọ wo fíìmù Amẹ́ríkà ní Munich ti dá owó sí fíìmù Jámánì kó tó jókòó. Àwọn ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n pẹ̀lú dá sí i. Ìgbà yẹn ni àwọn olùdarí fíìmù bíi Fassbinder, Herzog àti Wenders dìde. Volker Schlöndorff sì gba Palme d'Or ní 1979 pẹ̀lú Die Blechtrommel, òun àti fíìmù Amẹ́ríkà kan ni wọ́n jọ gbà á. Ní ọdún 1979 kan náà ni ìjọba wa dá àjọ fíìmù Nàìjíríà sílẹ̀, olú ilé-iṣẹ́ rẹ̀ sì wà ní Jos. Èmi kò ní fi ọ̀sán yín ṣòfò lórí ìyẹn.

Tiwa náà ti dé Jámánì tipẹ́. Ní 1964, Dúró Ládiípọ̀ kó ẹgbẹ́ òṣèré rẹ̀ láti Òṣogbo lọ sí Berlin, wọ́n ṣe Ọba Kò So níbi àjọ̀dún ìlú náà. Eré orí ìtàgé ni, kì í ṣe fíìmù, ṣùgbọ́n ẹ fojú inú wo ohun tó ṣẹlẹ̀: ilé kún fún ará Jámánì, èdè Yorùbá ni Ṣàngó ń sọ, bàtá ń dún, wọ́n sì fẹ́ràn rẹ̀. Ẹni tó wà nídìí ọ̀rọ̀ náà ni Ulli Beier, ọmọ Jámánì tó wá ṣiṣẹ́ ní yunifásítì Ìbàdàn ní 1950. Ẹ̀ka tó ń kọ́ àwọn èèyàn lẹ́kọ̀ọ́ ní àwọn ìlú kéékèèké ló kó sí, kò sì jókòó sínú ọgbà yunifásítì. Ẹdẹ, Ìlóbùú àti Òṣogbo ló lọ ń gbé. Irú ìpàdé tí a ń ṣe níbí lónìí gan-an ni iṣẹ́ rẹ̀ nígbà náà, ibẹ̀ ló sì ti rí ohun tí àwọn ọ̀mọ̀wé ẹgbẹ́ rẹ̀ kò rí.

Ìtàn kan tí Dúró Ládiípọ̀ fi ṣe eré Ọba Wàjà ní 1964, tí Wọlé Ṣóyínká náà tún fi kọ ìwé ní 1975, ló padà wá di fíìmù Yorùbá tó dé àjọ̀dún fíìmù Toronto. Lẹ́yìn tí Aláàfin Ládìgbòlù Kìíní wàjà ní 1944, ìjọba òyìnbó dí Ẹlẹ́ṣin, ẹni tó yẹ kó bá ọba lọ, lọ́wọ́. Bíyì Bándélé gbé ìwé Ṣóyínká tí wọ́n fi Gẹ̀ẹ́sì kọ, ó dá a padà sí èdè tí ọ̀rọ̀ náà ti ṣẹlẹ̀, ó pè é ní Ẹlẹ́ṣin Ọba. Bíyì kú ní oṣù Kẹjọ 2022, oṣù kan péré kí wọ́n tó fi fíìmù náà hàn ní Toronto. Ọdúnladé Adékọ́lá ló ṣe Ẹlẹ́ṣin, Shaffy Bello ṣe Ìyálọ́jà. Tí ẹ bá bi mí, inú ọjà ni fíìmù náà ti lágbára jù, níbi tí Ẹlẹ́ṣin ti ń jó, tí Olóhùn-iyọ̀ ń kì í, tí àwọn obìnrin ń gbè é. Nígbà tó bá ti di ilé òyìnbó, ó máa ń rọ̀. Kò yà mí lẹ́nu. Ọ̀rọ̀ ọjà ti ní orísun tó ti gbó, ọ̀rọ̀ ilé òyìnbó jẹ́ ohun tí wọ́n há sórí.

Níbo ni orísun yẹn wà? Ó wà lọ́dọ̀ yín. Akínwùmí Ìṣọ̀lá, tó kọ Ó Le Kú, Ẹfúnṣetán Aníwúrà, Kò Ṣeé Gbé àti Ṣaworoidẹ, ilé-ẹ̀kọ́ Mẹ́tọ́díìsì abúlé Lábọ́dé ló ti kọ́ ìwé kíkà kó tó wọ Wesley College ní Ìbàdàn. Yunifásítì kọ́ ni wọ́n ti kọ́ ọ ní bí ìjòyè ṣe ń fọgbọ́n bú ọba. Adébáyọ̀ Fálétí, tó ṣe Ọ̀pálábá nínú Ṣaworoidẹ, ọmọ abúlé Agbóòyè ní ìgbèríko Ọ̀yọ́ ni. Nígbà tí àwọn méjèèjì àti Túndé Kèlání tó darí fíìmù Ṣaworoidẹ pàdé, ìran abúlé, ti tẹlifíṣọ̀n àti ti kámẹ́rà dà pọ̀, ohun tó ti ibẹ̀ jáde sì ni wọ́n ń pè wá sí òkè òkun láti wá sọ̀rọ̀ lé lórí di òní.

Mo wà níbẹ̀ nígbà tí wọ́n fi Ṣaworoidẹ hàn ní ọgbà ilé-ẹ̀kọ́ kan lẹ́yìn Lálúpọn. Aṣọ ibùsùn funfun méjì tí wọ́n rán pọ̀ ni wọ́n ta mọ́ ògiri kíláàsì. Wọ́n gbé jẹnẹrétọ̀ sí ẹ̀yìn ilé ìgbọ̀nsẹ̀ kí ariwo rẹ̀ má baà bo ọ̀rọ̀. Fíìmù náà, tó jáde ní 1999, dá lórí ìlú Jogbo. Ọba Lápité kọ̀ láti bá ìlú mulẹ̀ bó ti yẹ, bí wọ́n bá sì lu ìlù ṣaworoidẹ nígbà tí adé idẹ wà lórí ẹni tí kò tọ́ sí, orí fífọ́ ni yóò pa á. Àwọn agégẹdú ń fi owó ra ìjòyè kí wọ́n lè máa run igbó. Bí agégẹdú ṣe gbé àpò owó jáde báyìí, bàbá kan tó jókòó sórí àpótí dìde, ó ní, "Àwa mọ̀ wọ́n o! Ọ̀nà ibí yìí náà ni wọ́n ń gbà!" Wọ́n bẹ̀ ẹ́ kó jókòó. Onílù kan wà lápá ọ̀tún mi. Gbogbo ìgbà tí ìlù bá dún nínú fíìmù, òun ti sọ ohun tó wí kí ẹnikẹ́ni tó dáhùn lórí aṣọ náà. Àwọn ọmọdé yí ojú sí i, wọ́n ń gbọ́ ti fíìmù, wọ́n ń gbọ́ tirẹ̀. Nígbà tó parí, ìyá àgbà kan di olùkọ́ tó ṣètò rẹ̀ mú lápá: "Ọmọ mi, ẹ bá wa gbé e padà wá o. Mi ò tíì gbọ́ ọ̀rọ̀ Ọ̀pálábá tán."

Mo ti jókòó sínú gbọ̀ngàn tí àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n ti ń tú fíìmù yẹn palẹ̀. Kò sí èyí tó ṣàlàyé rẹ̀ tó onílù yẹn. Akànràn níbí ni Táfà Adéoyè àti àwọn àgbẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Àgbẹ́kọ̀yà ti gbéjà ko ìjọba ní 1968 sí 1969 nítorí owó orí. Ẹni tí bàbá rẹ̀ wà nínú ìjà yẹn mọ ohun tí májẹ̀mú láàárín ìjọba àti ìlú jẹ́, kò dìgbà tí ẹnikẹ́ni bá là á yé e.

Ẹ jẹ́ ká padà sórí fíìmù Akínọlá. Ìlú kékeré ni òun náà ti bẹ̀rẹ̀. Ọmọkùnrin méjì, Akin àti Rẹ̀mí, wà nílé láìsí ìyá wọn nítòsí, wọ́n ń jà lórí ohun ìṣeré, bàbá wọn yọ lójijì. Ṣọpẹ́ Dìrísù ló ṣe bàbá náà. Ó ń lọ sí Èkó láti gba owó iṣẹ́ tí wọ́n jẹ ẹ́, ó sì mú wọn dání. Epo ọkọ̀ wọn tán lójú ọ̀nà. Ọjọ́ kan ṣoṣo ni gbogbo ìtàn náà, ní oṣù Kẹfà 1993, nígbà tí Babangida fagi lé ìbò tí Abíọ́lá wọlé. Bàbá àwọn tó ṣe fíìmù náà kú nígbà tí wọ́n ṣì kéré gan-an. Wọ́n wá fi kámẹ́rà ya ọjọ́ kan tí wọn kò ní pẹ̀lú rẹ̀ rí. Ẹ̀yin tí ẹ ti dúró létí títì rí pẹ̀lú ọmọ lọ́wọ́, tí mọ́tò kò wá, tí ọ̀rọ̀ ìjọba ń bọ̀ láti inú rédíò ẹnì kan, yóò yé yín ju bó ṣe yé ọ̀pọ̀ tó pàtẹ́wọ́ fún un ní Cannes.

Yorùbá, Gẹ̀ẹ́sì àti Píjìn ló dà pọ̀ nínú fíìmù náà. Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ló sì fi orúkọ ara rẹ̀ gbé e lọ fún ẹ̀bùn Oscar ti fíìmù ilẹ̀ òkèèrè. Ọdún méjì ṣáájú ìyẹn, wọ́n gbé fíìmù tí wọ́n fi èdè Jámánì ṣe, The Zone of Interest, lọ síbẹ̀ kan náà, ó sì gba ẹ̀bùn náà. Àwa ńkọ́? Ní 2019, wọ́n dá Lionheart ti Nàìjíríà padà nítorí pé Gẹ̀ẹ́sì ló pọ̀ jù nínú rẹ̀. Ní 2022, ọdún tí Ẹlẹ́ṣin Ọba àti Aníkúlápó Kúnlé Afọláyan jọ jáde, ìgbìmọ̀ tó ń yan fíìmù fún wa ní kò sí èyí tó yẹ. Inú mi kò dùn sí i nígbà náà, kò sì dùn sí i di báyìí. Fíìmù Yorùbá méjì tó kún fún èdè wà nílẹ̀, a jókòó, a ń wò wọ́n.

Ohun tó ń dùn mí jùyẹn ni pé ẹ̀yin kò rí wọn. Ìgboro Ìbàdàn ni ilé sinimá wà. Owó ọkọ̀ láti ìdí oko lẹ́yìn Akànràn lọ síbẹ̀, pẹ̀lú owó tíkẹ́ẹ̀tì, kì í ṣe owó tí alágbàṣe oko lè fi ṣeré. Àwọn ọ̀dọ́ tó wà níbí mọ ọ̀nà mìíràn: wọ́n á gbé fóònù lọ sọ́dọ̀ ọmọkùnrin tó ń kó fíìmù sórí mẹ́mọ́rì ní Mọ́níyà. Bí fíìmù ṣe ń dé oko nìyẹn, ojú rẹ̀ kò ju àtẹ́lẹwọ́ lọ, ẹni tó ṣe é kò sì rí kọ́bọ̀ kan níbẹ̀. Ẹ̀yin àgbà rántí mọ́tò sinimá ìjọba tó máa ń wá ta aṣọ ní gbàgede, tó ń fi àwòrán ìtọ́jú kòkó àti ìmọ́tótó hàn. Àwọn òyìnbó amúnisìn ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, wọ́n dá ẹ̀ka fíìmù wọn sílẹ̀ ní 1939 láti fi ṣe ìpolongo ogun. Wọ́n mọ̀ pé ẹni tó bá fẹ́ bá àgbẹ̀ sọ̀rọ̀, ìdí oko àgbẹ̀ ló ń lọ. Ó yẹ kí àwa tó ni èdè mọ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Nítorí náà ni mo ṣe ń bẹ̀bẹ̀ fún ohun mẹ́ta kan. Ẹ̀yin olórí ilé-ẹ̀kọ́, ẹ yọ̀ǹda ògiri kíláàsì kan ní Akànràn, ọ̀kan ní Ìyànà Ọ̀fà, ọ̀kan ní Ẹgbẹ́dá, ọ̀kan ní Mọ́níyà, fún alẹ́ ọjọ́ Sátidé kan lóṣù. Ṣaworoidẹ ni kí á fi bẹ̀rẹ̀, ká sì kọ̀wé tọ ẹni tó ni ín, ká sanwó rẹ̀ láti inú owó ìwọlé díẹ̀ tí a bá gbà. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, fóònù tó wà lọ́wọ́ yín yẹn lè ya fíìmù. Ẹ má ṣe wá Lẹ́kí kiri. Ẹ ya bàbá tó ń bá agégẹdú jà, ẹ ya ìyá tó ń gbé ẹ̀gẹ́ lọ fún ẹlẹ́rọ gaàrí, tó sì ń gbọ́ iye tí wọ́n dá lé e, kí ẹ sì jẹ́ kí wọ́n máa sọ̀rọ̀ bí wọ́n ti ń sọ ọ́. Àwọn àjọ̀dún tí mo dárúkọ ń gba fíìmù kúkurú pẹ̀lú. Fíìmù kúkurú Lizard ni Akínọlá kọ́kọ́ fi gba ẹ̀bùn ní Sundance ní Amẹ́ríkà ní 2021. Ẹ̀kẹta ni ti ẹ̀yin àgbà. Bí àwọn ọmọ yìí bá gbé ohun tí wọ́n yà wá, ẹ jókòó wò ó tán, kí ẹ sì sọ ibi tí ọ̀rọ̀ ti ṣì fún wọn láìpọ́n wọn. Kí fíìmù tó dé iwájú adájọ́ kankan ní Berlin, ọ̀dọ̀ yín ni kó kọ́kọ́ dé.

Olùkọ́ tó wà lápá ẹ̀yìn yẹn ti nawọ́ sókè láti ìgbà tí mo ti dárúkọ ògiri kíláàsì. Ẹ fún un ní máìkì, ẹ jẹ́ ká gbọ́ tirẹ̀.